Ẹ̀ẹ̀mejì, Kí Ọkọ̀ Máa Lọ

Ìyàwó mi fi ọdún púpọ̀ ṣe kọ̀ńdọ́ bọ́ọ̀sì ìjọba. Kì í ṣe irú kọ̀ńdọ́ tó ń rọ̀ mọ́ ẹnu ọ̀nà tó ń pariwo. Káàkí ló ń wọ̀, pẹ̀lú bàtà dúdú, àpò awọ tó ń kó tíkẹ́ẹ̀tì sí a sì máa wà ní àyà rẹ̀. Tí èrò bá ti wọlé tán, yóò fi òrùka ọwọ́ rẹ̀ kan irin tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹnu ọ̀nà ẹ̀yìn. Ẹ̀ẹ̀mejì, kí ọkọ̀ máa lọ. Ẹ̀ẹ̀kan, kí ọkọ̀ dúró, ẹnì kan fẹ́ sọ̀ kalẹ̀. Dẹ́rẹ́bà kì í wẹ̀yìn. Ìró yẹn nìkan ló ń tẹ̀ lé.

Òrùka ìgbéyàwó wa ni. Nígbà tí mo fi í sí i lọ́wọ́, roboto ni. Nígbà tí mo bọ́ ọ kúrò lọ́wọ́ rẹ̀ kí wọ́n tó wẹ̀ ẹ́, ìsàlẹ̀ rẹ̀ ti pẹlẹbẹ bí orí ìṣó.

Káfíńtà ni mí. Ṣọ́ọ̀bù mi wà ní Ìkòsì, lẹ́yìn ibi tí àwọn ọkọ̀ tòmátì ti ń yà lọ sí ọjà Mile 12. Mi ò tètè kàwé. Ó ti bí ọmọ wa kejì kí n tó lè kọ orúkọ ara mi. Òun ló fà mí lọ́wọ́ lọ sí kíláàsì àwọn àgbà tí wọ́n ń ṣe ní ilé ìwé kan ní Kẹ̀tú. Ó ní, "Ìwọ tí o kì í sọ̀rọ̀, ó yẹ kí o lè kọ ọ́." Bóyá ìdí tí mo fi ń kọ èyí nìyẹn.

Ilé iṣẹ́ bọ́ọ̀sì náà kógbá sílé. Wọ́n ní kí gbogbo òṣìṣẹ́ máa lọ sílé, pé owó ìfẹ̀yìntì wọn ń bọ̀ lẹ́yìn. Kò bọ̀. Wọ́n kọ lẹ́tà títí ó sú wọn, ni wọ́n bá gba lọ́yà, wọ́n gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sí kóòtù. Dẹ́rẹ́bà, kọ̀ńdọ́, mẹkáníìkì, títí kan àwọn tó ń fọ ọkọ̀, gbogbo wọn ló fi orúkọ sílẹ̀. Ìyàwó mi náà fi tirẹ̀ sílẹ̀. Ẹ̀ẹ̀kan péré ló dé iwájú adájọ́. Kí ẹjọ́ náà tó tún yí kàn, ẹ̀jẹ̀ ríru ti mú un lọ. A sin ín sí ilé bàbá rẹ̀ ní Ìkòsì. Tí mo bá dúró lẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù mi, mò ń rí òrùlé ilé náà.

Mo sọ fún alága àwọn tó fẹ̀yìntì. Ọkùnrin gíga kan tó ń gbé ní Mende ni. Òun ló máa ń wọ bọ́ọ̀sì lójijì yẹ tíkẹ́ẹ̀tì wò nígbà tí iṣẹ́ wà. Ó wá kí mi ní ṣọ́ọ̀bù, ó jókòó lórí pákó tí mò ń fá lọ́wọ́.

"Ọ̀gá káfíńtà, ẹ kú àmójúkúrò. Ọlọ́run á tù yín nínú. Ṣùgbọ́n ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì jẹ́ kí lọ́yà gbọ́."

"Kí ló dé?"

"Tí wọ́n bá gbọ́ pé ó ti kú, wọ́n á yọ ọ́ kúrò lára wa. Ẹ̀yin nìkan lẹ máa wá máa wá ìwé ogún kiri. Kóòtù mìíràn, wàhálà mìíràn. Ẹ jẹ́ kó wà láàárín wa. Ọjọ́ tí wọ́n bá dá ẹjọ́ náà, ẹ ó wá gba tiẹ̀."

Mi ò sọ nǹkan kan. Ó rò pé mo gbà. Èmi náà rò pé mo gbà.

Ó yẹ kí n sọ àṣà wọn kan níbí. Ní gáréèjì ìjọba, ìdájí ni wọ́n ń pe orúkọ, kí ọkọ̀ tó jáde. Méjì méjì ni wọ́n ń pè wọ́n, dẹ́rẹ́bà àti kọ̀ńdọ́ rẹ̀. Nígbà mìíràn ọ̀kan á ti wà nínú ọkọ̀, ó ń nu gíláàsì tàbí ó ń gbá ilẹ̀, kò ní gbọ́ ìpè. Ẹnì kejì rẹ̀ yóò kan ohun tó bá sún mọ́ ọn lẹ́ẹ̀mejì, bó jẹ́ tábìlì, bó jẹ́ ògiri. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé ó wà, a pé, ọkọ̀ lè máa lọ. Ẹnikẹ́ni kì í sọ pé "kò sí" nípa ẹnì kejì rẹ̀ ní ìdájí, nígbà tí ojú ọ̀nà ṣì wà níwájú. Èèwọ̀ ni láàárín wọn. Ìyàwó mi kì í tiẹ̀ fẹ́ kí n sọ ọ́ nílé. Tí ẹnì kan bá wá béèrè rẹ̀ tí kò sí nílé, ó ní kí n sọ pé ó ń bọ̀.

Ọjọ́ àkọ́kọ́ tí wọ́n jókòó ẹjọ́ lẹ́yìn ikú rẹ̀, akọ̀wé kóòtù ń pe orúkọ. Nígbà tó pe tirẹ̀, dẹ́rẹ́bà rẹ̀, bàbá àgbàlagbà kan tí wọ́n jọ ṣiṣẹ́ láti ìbẹ̀rẹ̀, kan ìjókòó lẹ́ẹ̀mejì. Akọ̀wé gbójú sókè. Gbogbo àwọn arúgbó yòókù dáhùn lẹ́ẹ̀kan náà pé, "Ó wà!" Akọ̀wé sì fi bírò sàmì sí i.

Alága ló ròyìn rẹ̀ fún mi. Ó ń rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Bàbá ti bá wa tún un ṣe. Kò sẹ́ni tó rán wọn níṣẹ́ o."

Láti ọjọ́ yẹn, lójú kóòtù, ìyàwó mi wà.

Ọdún tí àwọn bọ́ọ̀sì pupa gbọọrọ bẹ̀rẹ̀ sí í gba ojú ọ̀nà tiwọn láti Mile 12 ni. Obìnrin kan wà tó ń ta búrẹ́dì ní ibùdókọ̀ Kẹ̀tú. Ó ti lọ bá ọmọ rẹ̀ tọ́jú ọmọ tuntun fún ìgbà pípẹ́, kò mọ ohun tó ṣẹlẹ̀ sí wa. Láàárọ̀ ọjọ́ kan ó nawọ́ búrẹ́dì sí mi.

"Daddy, ẹ bá mi kí Mummy o. Mò ń bá wọn jà."

"Kí ni wọ́n ṣe?"

"Mo rí wọn nínú bọ́ọ̀sì pupa lánàá, mo juwọ́ juwọ́, wọn ò dá mi lóhùn. Ṣé torí pé mi ò sí nílé ni wọ́n ṣe sọ mí nù? Ẹ tiẹ̀ wá wò ó, àyè jókòó pọ̀ nínú ọkọ̀ náà. Àwọn nìkan ló dúró lẹ́yìn, wọ́n di irin mú."

Mo ní màá kí i. Mo gba búrẹ́dì, mo rìn lọ. Nígbà tí mo dé ilé, mo rí i pé búrẹ́dì ẹni méjì ni mo rà, bí mo ṣe máa ń rà á tẹ́lẹ̀.

Lẹ́yìn ìyẹn ló bẹ̀rẹ̀ ní ṣọ́ọ̀bù. Ọ̀sán ni, oòrùn ràn, àwọn alábàárù ń gbé apẹ̀rẹ̀ tòmátì kọjá. Mò ń fá pákó kan lọ́wọ́. Mo gbọ́ kó, kó, láti abẹ́ pákó náà. Mo dá ọwọ́ dúró. Mo bẹ̀rẹ̀, mo wo abẹ́ tábìlì. Èéfá pákó nìkan ló wà níbẹ̀. Mo tún gbé ọwọ́ lé iṣẹ́. Kò dún mọ́ ní ọjọ́ yẹn. Ó tún dún lọ́jọ́ mìíràn, nígbà tí mo jókòó tí mi ò ṣe nǹkan kan, bí ẹni ń sọ fún mi pé kí ló dé tí mo dúró.

Ẹni tó bá ti fi igi jẹun mọ ìró rẹ̀. Igi tó ń gbẹ máa ń ké, àmọ́ kì í ké lẹ́ẹ̀mejì lọ́nà kan náà. Ìró yìí sì ní irin nínú. Mo ṣí dúrọ́ọ̀ tí mo tọ́jú òrùka rẹ̀ sí. Ó wà níbẹ̀. Mo fi ọwọ́ kàn án. Ó lọ́ wọ́ọ́rọ́.

Mo pinnu pé màá lọ sí kóòtù náà fúnra mi. Mo sọ fún ara mi pé mo fẹ́ mọ ibi tí ẹjọ́ dé ni.

Àwọn arúgbó náà ti kún ìjókòó ẹ̀yìn. Wọ́n jókòó ní méjì méjì, bí wọ́n ṣe ń jókòó ní gáréèjì. Àyè ẹni méjì ṣófo ní ìparí ìjókòó kan. Mo fẹ́ jókòó síbẹ̀, obìnrin kan fà mí láṣọ. Kọ̀ńdọ́ lòun náà tẹ́lẹ̀.

"Uncle, àyè ènìyàn ni."

"Ta ni?"

"Bàbá pẹ̀lú ìyàwó yín." Ó sọ ọ́ bí ẹni ń sọ pé òjò ń rọ̀. "Ara Bàbá ò yá, wọn ò lè wá lónìí."

Mo lọ dúró mọ́ ògiri. Adájọ́ wọlé, a dìde, a jókòó. Akọ̀wé bẹ̀rẹ̀ sí í pe orúkọ. Àwọn tó wà ń dáhùn pẹ̀lú ohùn àgbà. Nígbà tó kan ìyàwó mi, ojú mi wà lára àyè tó ṣófo yẹn, mi ò ṣẹ́jú.

Kó, kó.

Ibẹ̀ ló ti dún. Kò sí ọwọ́ níbẹ̀, kò sí ẹnikẹ́ni. Igi ọ̀gánwó ni wọ́n fi ṣe ìjókòó náà. Mo mọ bí ọwọ́ ṣe ń dún lórí ọ̀gánwó, mo sì mọ bí irin ṣe ń dún lórí rẹ̀. Irin ni. Akọ̀wé sàmì, ó pe ẹni tó kàn. Nínú gbogbo àwọn arúgbó tó wà níwájú, ẹyọ ẹnì kan kò wẹ̀yìn.

Kí wọ́n tó sún ẹjọ́ síwájú, lọ́yà ìjọba dìde. Ó ní òun gbọ́ pé àwọn kan nínú olùpẹjọ́ kò sí láyé mọ́. Ó bẹ adájọ́ pé nígbà tí wọ́n bá tún jókòó, kí gbogbo wọn dìde ní ọ̀kọ̀ọ̀kan kí kóòtù fi ojú rí wọn. Adájọ́ gbà.

Láti kóòtù, Ifákọ̀ ni mo gbà lọ, sí ilé dẹ́rẹ́bà náà. Yàrá kan ló ń gbé pẹ̀lú ọmọ rẹ̀ obìnrin. Ó jókòó sórí àga, ó kọjú sí ojú fèrèsé, ó na ọwọ́ méjèèjì síwájú díẹ̀.

"Ẹ káàsán, sà."

"Ta nìyẹn? Ọkọ ìyàwó wa!" Kò yí ojú padà. "Wọlé, jókòó. Ìwọ lo fẹ́ ẹ nílé, èmi ni mo fẹ́ ẹ lójú títì. Oúnjẹ alẹ́ nìkan lò ń bá a jẹ. Èmi ni mo ni àárọ̀, mo ni ọ̀sán."

"Ó máa ń sọ pé ẹ̀ ń jẹ ẹran òun."

"Irọ́! Ẹran yín le ju táyà lọ. Àánú rẹ̀ ló ń ṣe mí tí mo fi ń bá a jẹ ẹ́."

Ó rẹ́rìn-ín, ó wú ikọ́. Ìgbà yẹn ni mo rí ẹsẹ̀ ọ̀tún rẹ̀. Ó ń tẹ ilẹ̀. Kò yára, kò sì dúró. Ó ń tẹ ilẹ̀, ó ń dẹ̀ ẹ́, ó tún ń tẹ̀ ẹ́. Ibi tó ń tẹ̀ lórí kápẹ́ẹ̀tì ti já dé sìmẹ́ńtì.

"Ẹsẹ̀ yín ńkọ́, sà?"

"Dókítà ní iṣan ló ń ṣe é. Ọmọ mi máa ń ra oògùn fún un."

Mo wá sọ ọ́.

"Bàbá, ẹ ò wá lónìí. Síbẹ̀, nígbà tí wọ́n pe orúkọ ìyàwó mi, wọ́n kàn án."

"Ta ló kàn án?"

"Mo rò pé ẹ̀yin lẹ máa ń kàn án."

"Èmi?" Ohùn rẹ̀ wálẹ̀. "Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo nìyẹn. Ìjọ́ àkọ́kọ́. Ọwọ́ mi ló ṣe é, kì í ṣe èmi. Ojú tì mí débi pé láti ọjọ́ yẹn, abẹ́ itan ni mò ń ki ọwọ́ mi sí tí wọ́n bá ti ń pe orúkọ. Ó sì ń dún. Mo rò pé ìwọ lo wà lẹ́yìn tí ò ń kàn án."

"Èmi ò débẹ̀ rí títí di òní."

Ọmọ rẹ̀ tó wà nídìí sítóòfù ti dá ọwọ́ dúró. Ẹsẹ̀ bàbá náà ń tẹ ilẹ̀.

"Kì í ṣe iṣan," ó ní. "Èmi ni mo kọ́kọ́ kàn án fún un pé ó wà. Òun náà sì ń dá a padà. Ẹ̀ẹ̀mejì ló ń kàn, mo sì ń lọ. Kò tíì sẹ́ni tó ní kí n dúró."

"Ibo lẹ̀ ń lọ?"

"Mi ò mọ̀. Gbogbo ibùdókọ̀ la ti kọjá."

Ojú fèrèsé ló ṣì ń wò nígbà tí mo jáde.

Kí ọjọ́ ẹjọ́ tó pé, alága wá bá mi. Kò jókòó lórí pákó lọ́tẹ̀ yìí.

"Àbúrò ìyàwó yín obìnrin ńkọ́? Èyí tó wà ní Ṣágámù? Wọ́n ní wọ́n jọra."

"Wọ́n jọra."

"Ẹ jẹ́ kó wá dìde fún un. Ìdìde lásán ni, kò ní lanu sọ̀rọ̀. Ọ̀gá, ẹ gbọ́. Tí adájọ́ bá mọ̀ pé a ti ń ka òkú mọ́ alààyè, ó lè da gbogbo wa nù. Àwọn kan wà láàárín wa tí ojú wọn ti ń fọ́. Ẹjọ́ yìí ni wọ́n ń dúró dè."

Mo tún gbé ọwọ́ lé pákó tí mò ń fá. Ó fọwọ́ bà mí léjìká, ó lọ. Ó tún rò pé mo gbà.

Mi ò pe àbúrò ìyàwó mi. Mi ò sì mọ ohun tí màá ṣe. Tí mo bá sọ̀rọ̀, iṣẹ́ tó ṣe láti ìgbà èwe rẹ̀ lè di asán, kí n sì fi tiẹ̀ ba ti àwọn yòókù jẹ́. Tí mo bá dákẹ́, yóò máa dúró lẹ́yìn ọkọ̀, yóò di irin mú. Èyí ló ń lọ tó ń bọ̀ lọ́kàn mi. Láàárọ̀ ọjọ́ ẹjọ́ náà, ọyẹ́ mú, eruku bo gbogbo Kẹ̀tú. Mo mú òrùka náà nínú dúrọ́ọ̀, mo fi sápò.

Alága pàdé mi lẹ́nu ọ̀nà kóòtù. Ó fi ọwọ́ méjèèjì di ọwọ́ mi mú.

"Ẹ ṣeun, Ọ̀gá. Ọlọ́run á san án fún yín. Mo ti rí i, ó ti jókòó." Ó sún mọ́ etí mi. "Ẹ tiẹ̀ tún wá káàkí fún un! Ìyẹn ò pọn dandan o."

Mo yọ ọwọ́ mi. Mo wọlé. Mo wo gbogbo ìjókòó. Mi ò rí ẹni tó wọ káàkí. Dẹ́rẹ́bà náà ò wá, àyè ẹni méjì ṣì ṣófo ní ìparí ìjókòó yẹn. Ṣùgbọ́n láti iwájú, alága ń mi orí sí apá ibẹ̀, ó ń rẹ́rìn-ín músẹ́, bí ẹni ń ki ènìyàn láyà.

Ìjókòó tó wà lẹ́yìn gbogbo wọn ni mo jókòó sí. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ ìpè. Ẹni tí wọ́n bá pè á dìde, adájọ́ á wò ó, á ní kó jókòó. Àwọn kan nílò ọwọ́ ẹlòmíràn kí wọ́n tó lè dìde. Wọ́n wá pe orúkọ ìyàwó mi.

Kó, kó.

"Kí ó dìde," adájọ́ wí.

Kò sẹ́ni tó dìde. Adájọ́ bọ́ awò ojú rẹ̀. Ìparí ìjókòó yẹn ló ń wò. Ohùn rẹ̀ rọ̀.

"Ìyá, ẹ dìde, ẹ jẹ́ ká rí yín."

Mi ò mọ ohun tó rí. Mi ò bi í, kò sì sí bí mo ṣe lè bi í. Ohun tí mo mọ̀ ni pé kò ní dìde. Kọ̀ńdọ́ kì í sọ̀ nígbà tí ọkọ̀ ṣì ń lọ. Bí èrò bá fẹ́ sọ̀, òun ló ń bá wọn kàn án. Tí òun fúnra rẹ̀ bá fẹ́ sọ̀, ta ni yóò bá a kàn án?

Mo mú òrùka jáde lápò. Mo fi kan ìjókòó tó wà níwájú mi. Ẹ̀ẹ̀kan.

Ó dún ju bí mo ṣe rò lọ. Mo dìde.

"Olúwa mi, èmi ni ọkọ rẹ̀. Ó ti kú. Ó ti pẹ́."

Ariwo sọ. Lọ́yà ìjọba ti wà lórí ìdúró, ó ń sọ pé jìbìtì ni, pé kí adájọ́ da ẹjọ́ náà nù. Lọ́yà tiwa fi ọwọ́ bo ojú. Adájọ́ kọjú sí akọ̀wé rẹ̀, ó bi í léèrè ta ló ń fi àmì sí orúkọ obìnrin náà láti ọjọ́ yìí wá. Akọ̀wé ní òun ni.

"Ṣé o rí i?"

"Mo rí i, Olúwa mi." Ó wo ìjókòó náà, ó wo adájọ́. "Mo... mo rò pé mo rí i."

Adájọ́ wá ní òun kò ní tìtorí òkú pa alààyè lẹ́nu mọ́. Ó ní kí wọ́n yọ orúkọ ìyàwó mi, kí èmi lọ gba ìwé ogún, kí n fi í wá bá ẹjọ́ tirẹ̀ lọ fúnra mi. Ó ní tí òkú mìíràn bá tún wà láàárín wọn, kí ẹni tó ni ín sọ ọ́ báyìí, torí tí òun bá fúnra òun rí i lẹ́yìn òní, gbogbo wọn ni yóò lọ sílé.

Mẹkáníìkì kan fi ìka kan ìjókòó, ẹ̀ẹ̀kan, ó dárúkọ ẹnì kejì rẹ̀ tó ti kú. Obìnrin tó fà mí láṣọ lọ́jọ́sí kan tiẹ̀. Ọ̀kan tún dún lápá òsì. Akọ̀wé ń gé orúkọ, ó ń gé orúkọ, kò gbójú sókè mọ́. Wọ́n sún ẹjọ́ síwájú fún àwọn tó kù.

Alága kò kí mi nígbà tí a jáde. Kò kí mi títí di ìgbà tí mò ń kọ èyí. Mi ò bínú sí i. Ìwé ogún náà ni mò ń lé kiri báyìí, láti ọ́fíìsì kan sí òmíràn. Wọ́n ń ní kí n padà wá.

Ifákọ̀ ni mo tún gbà lọ ní ọ̀sán ọjọ́ yẹn. Ọmọ dẹ́rẹ́bà náà ló pàdé mi lẹ́nu ọ̀nà. Ó ti sunkún, àmọ́ ojú rẹ̀ ń dán.

"Daddy, ẹ wá wò ó. Ẹsẹ̀ wọn ti dúró. Mò ń gbá ilẹ̀ láàárọ̀, wọ́n kàn ní kí n dákẹ́, pé ẹnì kan fẹ́ sọ̀. Wọ́n wá tẹ ẹsẹ̀ mọ́lẹ̀ gan-in. Láti ìgbà náà kò mì mọ́."

Mo wọlé. Ó wà lórí àga rẹ̀. Ó ti kó ọwọ́ sí itan. Ẹsẹ̀ méjèèjì wà nílẹ̀ jẹ́ẹ́.

"Ẹ̀ẹ̀kan ni?" ó bi mí.

"Ẹ̀ẹ̀kan ni, sà."

"Mo gbọ́ ọ." Ó mí kanlẹ̀. "Ibo ló sọ̀ sí?"

"Ìkòsì."

"Ìyẹn dáa. Kò ní rìn jìnnà."

Ó wá yí ọrùn rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, ó wo ẹ̀yìn.